Odi ti yí ìdajì pápá àdúgbò wa ká ní Súrùlérè: ọ̀nà wo ni òfin là sílẹ̀ fún wa?

Àkànbí, Súrùlérè

Mo kí gbogbo ilé. Mo kí ẹ̀yin àgbà, mo sì kí ẹ̀yin tí ẹ mọ òfin ilẹ̀ dunjú. Ọ̀rọ̀ tí mo gbé wá gùn díẹ̀, ẹ jọ̀wọ́, ẹ fara balẹ̀ kà á, nítorí mo fẹ́ kí ìmọ̀ràn tí a ó rí gbà bá ohun tí ojú wa ń rí mu.

Nígbà tí ìjọba bẹ̀rẹ̀ sí í wó àwọn ilé àtijọ́ ní àárín gbùngbùn Ìsàlẹ̀ Èkó ní ọdún 1955, bàbá bàbá mi wà lára àwọn tí wọ́n kó wá sí Súrùlérè, tí wọ́n ń pè ní Èkó Tuntun nígbà náà. LEDB, ilé-iṣẹ́ tí ìjọba amúnisìn dá sílẹ̀ ní 1928 lẹ́yìn tí àrùn eku ti pa ọ̀pọ̀ ènìyàn ní Èkó, ni ó la àdúgbò wa, tí ó pín in ní ojúlé-ojúlé, tí ó sì fi àyè kan sílẹ̀ láàárín tí kò fún ẹnikẹ́ni. Ibẹ̀ ni èmi àti àwọn ẹ̀gbọ́n mi ti gbá bọ́ọ̀lù, ibẹ̀ ni a ti ń ta àtíbàbà tí a bá ń kó ọmọ jáde tàbí tí àgbà bá lọ, ibẹ̀ náà sì ni omi òjò ti máa ń tàn kálẹ̀ kí ó tó rọra wọ gọ́tà tí ń gbé e lọ sí kánàlì.

Ní nǹkan bí oṣù méjì sẹ́yìn, típà mẹ́ta já yanrìn àti búlọ́ọ̀kù sí ẹ̀gbẹ́ pápá náà ní alẹ́ Sátidé kan. Wọ́n fi jẹnẹrétọ̀ tan iná, wọ́n ṣiṣẹ́ mọ́jú, wọn kò sì sinmi ní Ọjọ́ Ìsinmi. Nígbà tí ilẹ̀ Ọjọ́ Ajé mọ́, odi ti ga dé àyà ènìyàn, ó ti yí ìdajì pápá náà ká, géètì onírin sì ti wà lẹ́nu rẹ̀. Odi yìí gba orí gọ́tà kọjá. Ihò kan ṣoṣo ni wọ́n fi sílẹ̀ fún omi, kò sì fẹ̀ ju ẹnu garawa lọ. Nígbà tí òjò ńlá àkọ́kọ́ rọ̀ lẹ́yìn náà, omi padà sẹ́yìn, ó wọ yàrá ìyá àgbà kan tí ilé rẹ̀ jẹ́ ìkejì sí odi náà. Mo wà lára àwọn tí ó bá wọn kó ẹrù síta. Fóòmù tí ìyá náà ń sùn lé ti mu omi yó, àmì ibi tí omi náà ga dé sì wà lára ògiri títí di òní, ó tó orúnkún mi.

CDA wa, ìyẹn ẹgbẹ́ ìdàgbàsókè àdúgbò, rán àwọn àgbà mẹ́ta lọ bá ẹni tí ó ń kọ́lé náà. Ó gbà wọ́n dáadáa, ó fi ẹ̀dà lẹ́tà kan hàn wọ́n láti òkèèrè, ó ní ọ́fíìsì ìjọba kan ni ó pín ilẹ̀ náà fún òun, ṣùgbọ́n kò jẹ́ kí wọ́n ya fọ́tò rẹ̀. A gbọ́ pé ó ti ń gba owó sílẹ̀ lọ́wọ́ àwọn tí ó fẹ́ gba ṣọ́ọ̀bù. A lọ sí ọ́fíìsì tí ó dárúkọ lẹ́ẹ̀mẹta, ẹ̀ẹ̀mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ni wọ́n ní kí a lọ ná, kí a padà wá.

Ìbéèrè mi ni pé, ṣé àwa tí ilẹ̀ náà kò sí ní orúkọ wa lè pe ẹjọ́ lórí rẹ̀? Ta ni a ó pè lẹ́jọ́, ẹni tí ó mọ odi ni tàbí ọ́fíìsì tí ó fún un ní lẹ́tà? Ṣé odi tí ó ti dúró ṣì ṣeé wó? Kí sì ni a gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ ṣe, kí owó díẹ̀ tí a dá jọ má baà ṣòfò?

Táíwò, Muṣin

Ẹ̀gbọ́n Àkànbí, ẹ má bínú sí ohun tí mo fẹ́ sọ. Ẹni tí ọkàn rẹ̀ balẹ̀ lórí ìwé rẹ̀ kì í fi òru mọ odi. Tí ó bá jẹ́ ọ̀dọ̀ wa níhìn-ín ni, àwọn ọ̀dọ́ ì bá ti fi òòlù wó o kí símẹ́ńtì tó gbẹ. Ẹjọ́ ilẹ̀ lè gba ọdún mẹ́wàá. Kí adájọ́ tó dá a, ṣọ́ọ̀bù á ti pé ogún, àwọn tí ó ń tajà níbẹ̀ á sì máa bẹ̀bẹ̀ pé àwọn ní ọmọ nílé ẹ̀kọ́. Ẹ wó o báyìí, kí òun ni kó máa wá ilé-ẹjọ́ kiri.

Lọ́yà Yábàá

Ọ̀gbẹ́ni Àkànbí, ẹ kú ìnira. Kí n tó dáhùn ìbéèrè yín, ẹ jẹ́ kí n bá àbúrò mi Táíwò sọ̀rọ̀, nítorí ìmọ̀ràn rẹ̀ lè sọ ẹni tí ó lẹ́tọ̀ọ́ di ọ̀daràn ní ọ̀sán kan. Òfin tí Gómìnà Ìpínlẹ̀ Èkó fọwọ́ sí ní oṣù kẹjọ ọdún 2016 láti fi kápá àwọn ajagungbalẹ̀ kò béèrè ẹni tí ó jàre kí ó tó mú ènìyàn. Ó sọ pé ẹnikẹ́ni kò gbọ́dọ̀ fi ipá gba ilẹ̀ tàbí ilé, ẹni tí ó bá sì fi ipá wọlé lè lọ sí ẹ̀wọ̀n ọdún mẹ́wàá. Ṣáájú òfin yẹn pàápàá, ní 1986, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ ti dá irú ẹjọ́ bẹ́ẹ̀, nígbà tí ìjọba ológun Ìpínlẹ̀ Èkó lé Ojúkwu kúrò nínú ilé kan ní Ìkòyí nígbà tí ọ̀rọ̀ ilé náà ṣì wà níwájú adájọ́. Àwọn adájọ́ ní ìjọba fúnra rẹ̀ kò gbọ́dọ̀ fi ọwọ́ ara rẹ̀ ṣe ìdájọ́ tí ó ti di ti ilé-ẹjọ́. Ohun tí wọn kò gbà fún ìjọba tí ó ní ìbọn lọ́wọ́, wọn kò ní gbà á fún ọ̀dọ́ tí ó mú òòlù. Síbẹ̀, òótọ́ ni Táíwò sọ lórí àkókò, mo sì ń padà bọ̀ wá síbẹ̀.

Ìbéèrè yín àkọ́kọ́ ni ó le jù, ibẹ̀ sì ni ọ̀pọ̀ ẹjọ́ irú èyí ti ń kú. Òfin tí a jogún lọ́wọ́ àwọn Gẹ̀ẹ́sì sọ pé tí ìnira kan bá kan gbogbo aráàlú bákan náà, Agbẹjọ́rò Àgbà ìjọba ni ó ni ẹjọ́ náà, àfi tí ó bá yọ̀ǹda fún ẹlòmíràn, tàbí tí ẹni tí ó pẹjọ́ bá fi hàn pé ìyà tí ó jẹ òun yàtọ̀ sí ti àwọn yòókù. Àwọn ará Èkó bí tiwa ni wọ́n tú okùn yẹn. Ilé-iṣẹ́ ọkọ̀ kan ń kó àwọn ọkọ̀ ńláńlá gba àwọn òpópónà inú Ire-Akari Estate ní Ìsọ̀lọ̀ kọjá, àwọn olùgbé ibẹ̀ sì gbé ọ̀rọ̀ náà títí dé Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ. Ní 1991, ilé-ẹjọ́ náà sọ pé abala 6 nínú ìwé òfin orílẹ̀-èdè ti ṣí ilẹ̀kùn ilé-ẹjọ́ fún ẹni tí wọ́n bá tẹ ẹ̀tọ́ rẹ̀ mọ́lẹ̀, àti pé kò pọn dandan kí ó kọ́kọ́ gba àṣẹ lọ́wọ́ Agbẹjọ́rò Àgbà. Ní 2018, nínú ẹjọ́ tí ẹgbẹ́ kan pe NNPC lórí epo tí ó dà sí odò ní Ìpínlẹ̀ Abia, ilé-ẹjọ́ kan náà tún ṣí ilẹ̀kùn yẹn síwájú sí i fún àwọn ẹgbẹ́ tí ń jà fún àyíká.

Síbẹ̀, ẹ má gbára lé ẹjọ́ méjèèjì yìí nìkan. Mo ti rí adájọ́ tí ó ka ẹjọ́ 1991 tán, tí ó sì tún béèrè lọ́wọ́ àwọn olùpẹjọ́ pé, “Kí ni ó ṣe ẹ̀yin gan-an?” Ìyá àgbà tí omi wọ yàrá rẹ̀ ni ìdáhùn yín sí ìbéèrè yẹn. Ìyà tí ó jẹ ọmọ tí kò rí ibi gbá bọ́ọ̀lù mọ́ ni ó jẹ gbogbo ọmọ àdúgbò, ṣùgbọ́n omi tí ó wọ yàrá ìyá náà kò wọ yàrá gbogbo ènìyàn. Ẹ̀tọ́ tirẹ̀ láti pe ẹjọ́ kò ní àríyànjiyàn. Tí ó bá gbà, orúkọ rẹ̀ ni kí ó ṣíwájú nínú ìwé ẹjọ́. Ẹ ya fọ́tò àmì omi lára ògiri, ẹ má jẹ́ kí wọ́n kun ilé náà lọ́dà, ẹ má da fóòmù náà nù, ẹ sì wá rìsíìtì ohun tí ó bàjẹ́. Lẹ́yìn rẹ̀ ni kí ẹni méjì tàbí mẹ́ta láti inú CDA tẹ̀lé e, ní orúkọ ara wọn àti ní orúkọ gbogbo olùgbé, pẹ̀lú àkọsílẹ̀ ìpàdé tí ẹ ti yàn wọ́n. CDA tí kò forúkọ sílẹ̀ gẹ́gẹ́ bí ẹni tí òfin mọ̀ kò lè dá ẹjọ́ pè ní orúkọ ara rẹ̀, ọ̀nà yẹn ni wọ́n sì fi máa ń lé ọ̀pọ̀ ẹgbẹ́ jáde kí ẹnikẹ́ni tó gbọ́ ẹjọ́ wọn.

Ní ti ẹni tí ilẹ̀ náà wà lọ́wọ́ rẹ̀, Òfin Ìlò Ilẹ̀ ti 1978 fi gbogbo ilẹ̀ ìpínlẹ̀ kọ̀ọ̀kan sí ọwọ́ Gómìnà, kí ó máa tọ́jú rẹ̀ fún àǹfààní gbogbo ènìyàn. Olùtọ́jú ni òfin pè é. Abala 49 yọ ilẹ̀ ìjọba àpapọ̀ sílẹ̀, ẹni tí ilẹ̀ rẹ̀ bá wà ní Festac tàbí lẹ́gbẹ̀ẹ́ ojú irin gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ wo ìyẹn dáadáa. Ṣùgbọ́n LEDB yín ti di ara LSDPC láti 1972, ilé-iṣẹ́ Ìpínlẹ̀ Èkó sì ni. Abala 43 nínú òfin yẹn kà á sí ẹ̀ṣẹ̀ kí ènìyàn wọ ilẹ̀ ìgboro kí ó sì kọ́ nǹkan sórí rẹ̀ láìgba àṣẹ. Nítorí náà, ẹ má lọ sọ fún adájọ́ pé ẹ̀yin ni ẹ ni pápá náà. Ìgbà tí ẹ bá ti sọ bẹ́ẹ̀ ni wọn yóò ti béèrè ìwé ilẹ̀ lọ́wọ́ yín, ẹ kò sì ní in. Ohun tí ẹ ó béèrè ni pé kí ilé-ẹjọ́ kéde pé àyè gbogbo ènìyàn ni ilẹ̀ náà nínú ètò àdúgbò; kí ó sọ pé lẹ́tà tí wọ́n fi pín in, tí ó bá wà lóòótọ́, kò bá òfin mu; kí ó dá iṣẹ́ náà dúró; kí ó pàṣẹ fún ẹni tí ó mọ odi pé kí ó wó o pẹ̀lú owó ara rẹ̀; kí ó sì fún ìyá àgbà ní owó gbà-má-bínú. Ẹni tí ó ń kọ́lé àti ọ́fíìsì náà ni ẹ ó pè pọ̀. Bẹ́ẹ̀ ni, odi tí ó ti dúró ṣeé wó. Ilé-ẹjọ́ ní agbára láti pàṣẹ bẹ́ẹ̀, ó kàn jẹ́ pé ọwọ́ adájọ́ máa ń wúwo láti lò ó fún ẹni tí ó jókòó wo iṣẹ́ náà títí tí wọ́n fi kan òrùlé.

Ọ̀rọ̀ àkókò náà nìyí. Tí ẹ bá fẹ́ kí Ilé-ẹjọ́ Gíga yẹ ìpinnu ìjọba wò kí ó sì fagi lé e, ìlànà ilé-ẹjọ́ náà fún yín ní oṣù mẹ́ta láti ọjọ́ tí ohun tí ẹ ń ráhùn lé lórí ti ṣẹlẹ̀. Tí ó bá jẹ́ ìjọba ìbílẹ̀ ni ẹ fẹ́ pè, òfin ní kí ẹ kọ́kọ́ fún wọn ní ìwé ìkìlọ̀ oṣù kan. Ẹ ti lo oṣù méjì. Ẹ ka èyí tí ó kù lórí ìka yín.

Kí ẹ tó dé ilé-ẹjọ́, lẹ́tà ni iṣẹ́ yín, kì í ṣe àbẹ̀wò. Ẹ̀ẹ̀mẹta tí ẹ lọ sí ọ́fíìsì yẹn kò sí nínú àkọsílẹ̀ kankan. Ẹ kọ̀wé sí LASPPPA, tí ń fún ènìyàn ní ìwé àṣẹ ìkọ́lé, kí ẹ béèrè bóyá wọ́n fún ẹnikẹ́ni ní àṣẹ lórí ilẹ̀ náà. Ẹ kọ̀wé sí LASBCA, tí ó ní agbára láti dá iṣẹ́ dúró kí ó sì fi èdìdì dí ibẹ̀. Ẹ kọ̀wé sí ọ́fíìsì tí wọ́n ní ó pín ilẹ̀ náà, kí ẹ fi Òfin Òmìnira Ìròyìn ti 2011 béèrè ẹ̀dà lẹ́tà yẹn. Ọjọ́ méje ni òfin fún wọn láti dáhùn, Ilé-ẹjọ́ Tó Ga Jù Lọ sì ti sọ ní oṣù kẹrin ọdún 2025 pé òfin náà de ìjọba ìpínlẹ̀ pẹ̀lú. Ẹ jẹ́ kí wọ́n lu òǹtẹ̀ sí ẹ̀dà tí ẹ ó mú padà sílé, kí ọjọ́ hàn lórí rẹ̀ ketekete. Tí wọ́n bá dákẹ́, ìdákẹ́jẹ́ẹ́ wọn ni ẹ ó mú lọ bá adájọ́, kí ó fi àṣẹ tí àwa lọ́yà ń pè ní mandamus kàn án nípá fún wọn láti ṣe iṣẹ́ wọn. Àṣẹ yẹn kò ṣeé gbà láìsí ẹ̀rí pé ẹ béèrè, tí wọ́n sì kọ̀.

Sọfíọ̀ Ṣómólú

Lọ́yà ti sọ̀rọ̀ dáadáa, ṣùgbọ́n ohun kan wà tí ó gbọ́dọ̀ ṣíwájú lẹ́tà, nítorí ó lè yí ohun tí ẹ ó kọ sínú lẹ́tà náà padà. Ẹ jọ̀wọ́, ẹ má ì tí ì pe lẹ́tà ọkùnrin yẹn ní ayédèrú. Nínú iṣẹ́ wa, mo ti rí lẹ́tà tí ó jẹ́ òótọ́ láti òkè délẹ̀, tí òǹtẹ̀ rẹ̀ pé, tí nọ́ńbà rẹ̀ wà nínú fáìlì, ṣùgbọ́n tí ilẹ̀ tí ó ń tọ́ka sí wà ní òpópónà kejì. Ẹni tí wọ́n fún ní ilẹ̀ náà débẹ̀, ó rí i pé ilé ti wà lórí rẹ̀, ó sì fi lẹ́tà rẹ̀ wá ilẹ̀ òfìfo tí ó sún mọ́ ọn jù lọ. Tí ẹ bá pè é ní ayédèrú nínú ìwé ẹjọ́, ẹ ti gbé ẹrù ẹ̀rí tí ó wúwo lérí láìnídìí. Tí ẹ bá sọ pé lẹ́tà yìí kì í ṣe ti ibí, nọ́ńbà ni yóò bá yín jẹ́rìí.

Ẹ lọ sí ọ́fíìsì Sọfíọ̀ Àgbà ìpínlẹ̀ ní Alausa, kí ẹ béèrè àwòrán ètò àdúgbò yín láti ìgbà LEDB. Ẹ̀dà tí ọ́fíìsì náà bá jẹ́rìí sí ni kí ẹ gbà, tí ẹ ó san owó rẹ̀, tí òṣìṣẹ́ ìjọba yóò fọwọ́ sí pẹ̀lú orúkọ rẹ̀ àti ọjọ́, gẹ́gẹ́ bí abala 104 nínú Òfin Ẹ̀rí ti 2011 ṣe là á sílẹ̀. Ẹ̀dà tí ẹnì kan fi fóònù yà kò ní wúlò. Lẹ́yìn náà, ẹ mú sọfíọ̀ tí ó ní ìwé àṣẹ lọ wọn ibi tí odi gbà, kí ó gbé e lé orí àwòrán àtijọ́ náà, kí adájọ́ lè rí i ní ojú ewé kan pé odi yìí wà nínú àyè tí wọ́n kùn ní àwọ̀ ewé, ìyẹn àyè gbogbo ènìyàn. Àwòrán àpapọ̀ bẹ́ẹ̀ ti parí ẹjọ́ tí ẹnu lọ́yà mẹ́rin kò lè parí.

Ohun tí ó tún jẹ mí lọ́kàn jù ni àwọn òpó tí sọfíọ̀ fi ń sàmì sí ààlà ilẹ̀. Ní igun pápá náà, ẹ ó rí òpó kọ̀ǹkéré kékeré tí ó yọ orí díẹ̀ jáde nínú ilẹ̀, tí wọ́n fi irin tàbí ìka kọ lẹ́tà àti nọ́ńbà sí lórí nígbà tí símẹ́ńtì ṣì tutù. Ẹ gé koríko ìdí rẹ̀, ẹ fi omi fọ orí rẹ̀ kí nọ́ńbà náà hàn, ẹ fi rúlà sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, kí ẹ sì yà á ní fọ́tò. Ẹni tí ó ya fọ́tò náà ni kí ó buwọ́ lu ìwé ẹ̀rí tí abala 84 nínú òfin kan náà béèrè fún ohun tí ó bá jáde láti inú fóònù tàbí kọ̀ǹpútà. Ọ̀pọ̀ fọ́tò tí ó dára ni ilé-ẹjọ́ kò gbà wọlé nítorí pé ìwé yẹn kò sí níbẹ̀.

Ìyá Bọ̀sẹ̀, Èbúté Mẹ́ta

Ẹ̀yin ọmọ mi, ẹ kú iṣẹ́ ọpọlọ. Èmi kò mọ abala òfin, ohun tí ojú mi rí ni mo fẹ́ sọ.

Ẹ̀yìn ilé wa ní ọ̀nà tóóró kan tí àwọn agbépòó máa ń gbà ní òru láyé àtijọ́, kí ṣáláńgá olómi tó dé. Nígbà tí iṣẹ́ agbépòó tán, olúkúlùkù bẹ̀rẹ̀ sí í jẹ wọ inú ọ̀nà náà díẹ̀díẹ̀. Ẹnì kan fa ilé ìdáná rẹ̀ jáde, ẹnì kan kọ́ ilé jẹnẹrétọ̀ síbẹ̀, ẹnì kan fi ibẹ̀ tọ́jú ajá méjì, ó sì fi géètì tì í. Ní ọdún tí omi gbé ọmọ ọdún mẹ́rin kan ṣubú sínú gọ́tà ẹ̀yìnkùlé, tí Ọlọ́run yọ ọ́, a sọ pé ó tó.

A kọ́kọ́ sọ fún ìjọba pé wọ́n gba ilẹ̀ ìlú, ọ̀rọ̀ náà kò sì rìn. Ìgbà tí a yí ẹnu padà tí a ní wọ́n dí ojú àgbàrá ni àwọn tí ń bójú tó gọ́tà ní ẹ̀ka àyíká dé, tí wọ́n wọn ọ̀nà náà, tí wọ́n sì lẹ ìwé mọ́ ara ilé mẹ́fà. Nítorí náà, Àkànbí ọmọ mi, gọ́tà yẹn ni kí o kọ́kọ́ dárúkọ nínú lẹ́tà rẹ. Pápá lè dúró de adájọ́, omi kì í dúró de ẹnikẹ́ni.

Ilé mẹ́fà tí wọ́n lẹ̀wé mọ́ yẹn, tiwa wà lára wọn. Ọkọ mi, kí Ọlọ́run fi ọ̀run kẹ́ ẹ, ti mọ àtẹ̀gùn balùwẹ̀ wa wọ inú ọ̀nà náà ní ẹsẹ̀ bàtà méjì, èmi tí mo ń ṣáájú ìjà kò sì rántí rẹ̀. Ọkùnrin alájá ni ó nawọ́ sí i ní ojú gbogbo ènìyàn. Ojú tì mí gidigidi. Mo pe bíríkìlà ní ọjọ́ kejì, wọ́n wó o, mo sì jókòó tì wọ́n títí wọ́n fi kó àwókù rẹ̀ tán. Lẹ́yìn ìyẹn ni a lọ sí ilé-iṣẹ́ ìlàjà tí ìjọba ìpínlẹ̀ dá sílẹ̀ ní 1999, èyí tí wọ́n ń pè ní Citizens' Mediation Centre, wọn kò sì gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ wa. Ilé mẹ́rin fọwọ́ sí ìwé, wọ́n sì yọ ohun tí wọ́n kọ́ láàárín oṣù méjì. Ẹnì kan ṣoṣo ni ó kọ̀, òun ni ẹjọ́ rẹ̀ dé kóòtù.

Àkànbí, Súrùlérè

Mo dúpẹ́ púpọ̀ lọ́wọ́ gbogbo yín. Ìyá wa, ọ̀rọ̀ yín ti bá mi wí. Kíóòsì méjì wà ní ìhà kejì pápá náà, ìyẹn ìhà tí odi kò dé, ọmọ CDA wa sì ni àwọn méjèèjì tí ó ni wọ́n. Ọ̀kan nínú wọn wà lára àgbà mẹ́ta tí a rán lọ. Yàtọ̀ sí ìyẹn, ẹbí kan yọjú ní àná, wọ́n ní ilẹ̀ baba àwọn ni gbogbo ibẹ̀ kí LEDB tó dé, àti pé àwọn ni ó yẹ kí ọkùnrin náà bá sọ̀rọ̀. Ṣé èyí lè ba ọ̀rọ̀ wa jẹ́?

Lọ́yà Yábàá

Ti kíóòsì ni kí ẹ bójú tó kí ẹ tó kọ lẹ́tà kan. Àṣẹ ìdádúró jẹ́ ohun tí adájọ́ ń fi àánú àti òye ara rẹ̀ fúnni, kì í sì í fún ẹni tí ọwọ́ òun náà kò mọ́. Ẹ jẹ́ kí wọ́n gbé wọn kúrò, kí ẹ kọ ọjọ́ tí wọ́n gbé wọn sínú ìwé ìpàdé.

Ti ẹbí kò yẹ kí ó dẹ́rù bà yín. Òótọ́ ni pé Ìgbìmọ̀ Ọba Gẹ̀ẹ́sì ní Lọ́ńdọ̀nù dá Olóyè Olúwa láre ní 1921 lórí ilẹ̀ Àpápá, nígbà tí òun àti Herbert Macaulay wọ ọkọ̀ ojú omi lọ síbẹ̀, ìgbìmọ̀ náà sì sọ pé fífà tí wọ́n fa Èkó lé ìjọba Gẹ̀ẹ́sì lọ́wọ́ ní 1861 kò pa ẹ̀tọ́ àwọn ìdílé rẹ́. Mo bọ̀wọ̀ fún ìdájọ́ yẹn gidigidi. Ṣùgbọ́n ohun tí Olóyè Olúwa jà fún ni owó ilẹ̀ tí ìjọba gbà. Tí ẹbí yìí bá ní owó tí wọn kò san fún wọn, ọ̀dọ̀ ìjọba ni kí wọ́n ti béèrè rẹ̀, kì í ṣe kí wọ́n tún ilẹ̀ tí ìjọba ti gbà tà fún ẹlòmíràn. Pẹ̀lú èyí, ẹ má jẹ́ kí ọjọ́ gorí ọjọ́. Ní Ìpínlẹ̀ Èkó, ọdún 12 ni òfin fún ènìyàn láti fi ẹjọ́ gba ilẹ̀ padà, ó sì fún ìjọba ní 20. Lẹ́yìn ìyẹn, ẹni tí ó jókòó sórí ilẹ̀ a máa rí ọ̀rọ̀ sọ.

Ohun méjì tí ó kù kéré. Adájọ́ tí yóò dá iṣẹ́ dúró fún ìgbà díẹ̀ yóò ní kí ẹ ṣèlérí pé ẹ ó san owó àdánù tí ẹjọ́ bá já sí pé ẹ kò jàre, nítorí náà, ẹni tí kò ní dúkìá kò gbọ́dọ̀ dá ìlérí yẹn ṣe. Bẹ́ẹ̀ sì ni pé ẹni tí ó bá ra ṣọ́ọ̀bù lẹ́yìn tí ẹjọ́ ti wọlé ra ẹjọ́ mọ́ ọn, ìdájọ́ yóò dè é. Ní ọjọ́ tí ẹ bá ti gba nọ́ńbà ẹjọ́, ẹ kọ ọ́ gàdàgbà sára pátákó, kí ẹ sì gbé e síwájú géètì náà, ní ẹ̀gbẹ́ títì, kì í ṣe lára odi. Tí owó lọ́yà bá wọ́n yín, ìyá àgbà lè lọ sí Office of the Public Defender ti ìjọba ìpínlẹ̀, wọn kì í gba owó lọ́wọ́ aláìní.

Àkànbí, Súrùlérè

Wọ́n ti gbé kíóòsì àkọ́kọ́ lọ ní àárọ̀ yìí, èkejì ń lọ ní ọ̀la. Mo sì wá àwọn òpó tí Sọfíọ̀ sọ. Mo rí mẹ́ta, nọ́ńbà wọn hàn. Ẹ̀kẹrin, tí ó wà ní igun tí odi gbà kọjá, ni mo bá ní ìdùbúlẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ihò rẹ̀, ilẹ̀ inú ihò náà ṣì tutù. Ṣé kí n gbé e lọ sílé kí wọ́n má baà kó o sọnù?

Sọfíọ̀ Ṣómólú

Ẹ má fọwọ́ kàn án rárá. Ẹ̀ṣẹ̀ ọ̀daràn ni fún ẹni tí ó bá hú òpó sọ́fè, ẹ kò sì gbọ́dọ̀ jẹ́ kí ó dà bí ẹni pé ẹ̀yin ni. Ẹ ya ihò náà, ẹ ya òpó náà bí ó ṣe wà, ẹ ya odi pọ̀ mọ́ ọn nínú fọ́tò kan kí jíjìnnà wọn síra hàn. Kí ẹni méjì dúró tì í. Kí ẹnì kẹta lọ sí àgọ́ ọlọ́pàá lónìí, kí wọ́n kọ ọ́ sínú ìwé, kí ó sì gba ẹ̀dà rẹ̀. Kódà tí wọ́n bá kó o lọ, a ó fi nọ́ńbà àwọn mẹ́ta tí ó kù wọn ibi tí ó wà, ibẹ̀ ni a ó sì tún un rì sí pẹ̀lú àṣẹ Sọfíọ̀ Àgbà.